Wolé-wolé Tó Gbé Kámẹ́rà: Ta Ni Yóò Ya Fíìmù Ajégúnlẹ̀?

Ní Èkó àtijọ́, bí ọmọdé bá sáré wọlé wá wí pé wolé-wolé ti dé orí òpópónà, ìyá ilé á yára wo inú àmù omi, á gbá ẹ̀yìnkùlé, á sì wá ìdérí fún gbogbo ohun tó ṣí sílẹ̀. Tanwíji díẹ̀ nínú ìkòkò omi tó láti gbé ènìyàn dé iwájú adájọ́. Láti inú iṣẹ́ yìí gan-an, iṣẹ́ ẹni tí ń yẹ ilé onílé wò, ni ọ̀kan nínú àwọn ẹni àkọ́kọ́ tó sọ fíìmù sáyẹ́ǹsì di iṣẹ́ ìgbésí-ayé ní Nàìjíríà ti jáde wá. William Sellers ni orúkọ rẹ̀, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, òṣìṣẹ́ ẹ̀ka ìlera lábẹ́ ìjọba amúnisìn.

Àwọn tó ń kọ ìtàn sinimá Áfíríkà kì í fo orúkọ yìí. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá dúró sí ọjà Boundary ní Ajégúnlẹ̀ láti àárọ̀ di alẹ́, tó ń bi àwọn tó ń kọjá léèrè, ó lè má rí ẹyọ ẹnì kan tó gbọ́ ọ rí. Kì í ṣe pé Sellers yẹ fún ère ní ìkóríta. Ohun tó fa ọ̀rọ̀ rẹ̀ ni pé ìbéèrè tí iṣẹ́ rẹ̀ fi sílẹ̀ ṣì wà lẹ́nu ọ̀nà Àpápá àti Ajégúnlẹ̀ títí di òní: bí wọ́n bá fẹ́ fi àwòrán ṣàlàyé àrùn, omi, ẹranko àti kòkòrò fún ará ìlú, ta ni yóò di kámẹ́rà mú, ta ni yóò sì san owó iṣẹ́ náà?

Ọdún 1924 ni àjàkálẹ̀ àrùn tí àwọn dókítà ń pè ní plague bẹ́ sílẹ̀ ní Èkó, kò sì fi ìlú náà sílẹ̀ títí di nǹkan bí ọdún 1931. Àrùn burúkú ni. Ibà á mú ènìyàn, kókó ńlá á yọ sí abíyá tàbí ojúgun itan, nígbà mìíràn láàárín ọjọ́ mélòó kan, aláìsàn náà á ti kú. Ìmọ̀ nípa rẹ̀ kò tíì pẹ́ púpọ̀ nígbà náà. Ní Hong Kong ní ọdún 1894 ni Alexandre Yersin rí kòkòrò àrùn tí ń fà á. Ọdún mẹ́rin lẹ́yìn náà ni Paul-Louis Simond, dókítà ọmọ ilẹ̀ Faransé, fi hàn ní Karachi pé kì í ṣe eku fúnra rẹ̀ ni ń kó o ran ènìyàn, bí kò ṣe kòkòrò kékeré kan tí ń fò, tí ń mu ẹ̀jẹ̀ lára eku. Bí eku bá kú, tí ara rẹ̀ tutù, kòkòrò náà á fò kúrò níbẹ̀, á wá ẹlòmíràn tí ara rẹ̀ gbóná. Nínú yàrá tí ènìyàn mẹ́jọ ń sùn sí, kò ní pẹ́ tó fi rí i.

Káàkiri ayé, ọkọ̀ ojú omi ló ń gbé eku tó ní àrùn yìí láti èbúté kan dé òmíràn. Àsìkò tí ó dé Èkó sì jẹ́ àsìkò tí wọ́n ń kọ́ wáàfù tuntun ní Àpápá. Ọdún 1921 ni iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ lórí ibi ìgúnlẹ̀ mẹ́rin àkọ́kọ́ tí ọkọ̀ òkun ńlá lè fara tì níbẹ̀, ó sì parí ní ọdún 1926. Ojú irin so wáàfù náà pọ̀ mọ́ òkè ọya. Ẹ̀pà ń sọ̀kalẹ̀ láti Kánò, kòkó àti ekuro ń bọ̀ láti ilẹ̀ Yorùbá, ọjà òyìnbó ń gòkè. Ibi tí àpò ẹ̀pà bá sì ti jókòó sí, èkúté mọ ọ̀nà ibẹ̀ ju olówò lọ.

Iṣẹ́ tó já lé àwọn wolé-wolé léjìká kò rọrùn. Wọ́n ní láti pa eku, kí wọ́n fín ilé, kí wọ́n gún ènìyàn ní abẹ́rẹ́, kí wọ́n sì ṣàlàyé ìdí rẹ̀ fún àwọn tí wọ́n ń ṣe é fún. Ìdí yìí ni kò yé ènìyàn. Ẹni tí wọ́n sọ fún pé kòkòrò tí ojú kò fẹ́rẹ̀ẹ́ rí ló pa ìyá rẹ̀, tí ẹni tó sọ ọ́ sì tún ni ẹni tó fẹ́ wó ilé rẹ̀, kò jẹ̀bi bí ó bá rò pé irọ́ ni. Sellers rí ìṣòro náà, ó sì ronú kan fíìmù. Láti ìparí àwọn ọdún 1920 ló ti ń lo àwòrán tí ń rìn láti fi bá àwọn ará Èkó sọ̀rọ̀ nípa àrùn eku. Nígbà tó di àwọn ọdún 1930, ó ti ní ọkọ̀ tirẹ̀ tó gbé ẹ̀rọ sinimá, ẹ̀rọ amúnáwá, aṣọ funfun tí àwòrán ń hàn lójú rẹ̀ àti gbohùngbohùn. Ọkọ̀ náà á dúró ní gbàgede, ilẹ̀ á ṣú, àwòrán á bẹ̀rẹ̀ sí í rìn. Ògbufọ̀ á di gbohùngbohùn mú, á máa fi èdè ìbílẹ̀ sọ ohun tí ń ṣẹlẹ̀. Ní òkè ọya, majigi ni àwọn Hausa ń pe irú sinimá bẹ́ẹ̀, orúkọ náà kò sì tíì kú lẹ́nu wọn.

Bí ènìyàn bá fẹ́ ṣòótọ́, ọgbọ́n ńlá wà nínú ètò yìí. Sellers kò gbé fíìmù nípa eku Lọ́ńdọ̀nù wá. Ó ya òpópónà tí àwọn olùwòran fi ẹsẹ̀ ara wọn rìn, ó ya òṣìṣẹ́ tí wọ́n mọ̀ lójú, ó sì jẹ́ kí èdè wọn máa jáde láti inú gbohùngbohùn. Lẹ́yìn ọdún bí àádọ́rùn-ún, kò tíì sí ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n tó sọ irú ètò bẹ́ẹ̀ di ohun àràádọ́ta fún ará Ajégúnlẹ̀. Ọ̀pọ̀ ìpolongo ìlera tí ń jáde lónìí ṣì ń fi èdè Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n fi aṣọ òkè dì bá ìyá aláta sọ̀rọ̀.

Ṣùgbọ́n Yorùbá ní àlejò lójú, kò fi ríran. Ọ̀kan nínú fíìmù Sellers tó kù sílẹ̀ ni èyí tó pe àkọlé rẹ̀ ní “Anti-Plague Operations in Lagos”. Ọdún 1937 ni ìwé ìpamọ́ kọ sí i lára, ìyẹn ni pé àrùn náà ti kúrò nílẹ̀ fún bí ọdún mẹ́fà kí orúkọ fíìmù náà tó wọ ìwé. Iṣẹ́ pípa eku àti iṣẹ́ ìmọ́tótó tí ìjọba ṣe ni ó dá lé. Ní àsìkò tí ewu ti rékọjá, kì í tún ṣe ìkìlọ̀ mọ́ bí kò ṣe oríkì, ìjọba sì ni wọ́n ń kì. Ohun tí ojú kámẹ́rà náà kò yà sí rárá ni ìdí tí àwọn ènìyàn fi há mọ́ra tó bẹ́ẹ̀ tí eku fi rí ibùgbé láàárín wọn.

Ìdí náà kò jìnnà, ìwé kóòtù ló kún fún un. Ní ọdún 1913, ìjọba amúnisìn gba ilẹ̀ Àpápá, nǹkan bí ééká 255, lọ́wọ́ ìdílé Olóyè Olúwa fún iṣẹ́ ìlú. Àmọ́dù Tìjání, ẹni tó wà lórí oyè náà, béèrè owó ilẹ̀. Wọ́n ní kò ní ilẹ̀ kankan tí wọ́n lè san owó rẹ̀ fún un, pé àǹfààní olórí lásán ló ní níbẹ̀. Ó gbé ẹjọ́ náà dé ìgbìmọ̀ Privy Council ní Lọ́ńdọ̀nù, Herbert Macaulay tẹ̀lé e lọ ní ọdún 1920, ìdájọ́ sì jáde ní ọdún 1921 pé ilẹ̀ náà jẹ́ ti àwọn ará ìlú lábẹ́ àṣà wọn, kí ìjọba sanwó. £22,500 ni owó tí wọ́n san níkẹyìn. Ọdún yẹn kan náà ni iṣẹ́ wáàfù bẹ̀rẹ̀. Owó dé, ṣùgbọ́n ilẹ̀ kò padà. Àpápá di ìlú ọkọ̀ òkun, ojú irin, ilé-ìtọ́jú-ọjà àti àdúgbò òyìnbó. Àwọn tí ń fi èjìká gbé ẹrù ní wáàfù ní láti wá ibi tí wọn yóò sùn sí lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, lórí ilẹ̀ àbàtà tí òyìnbó kò fẹ́. Ajégúnlẹ̀ ni wọ́n ń sọ ibẹ̀: ibi tí ajé ti gúnlẹ̀. Orúkọ náà dùn. Ajé gúnlẹ̀ lóòótọ́, àmọ́ òdìkejì ni ó fẹsẹ̀ tẹ̀.

Nígbà tí ìjọba wá ìwòsàn fún àrùn eku, ilé wíwó wà nínú rẹ̀. Ọdún 1928 ni wọ́n dá àjọ tí ń tún ìlú Èkó ṣe sílẹ̀, èyí tí àwọn ènìyàn mọ̀ sí LEDB. Àdúgbò Òkò-Awo ní erékùṣù Èkó wà lára ibi tí ọwọ́ àjọ náà kọ́kọ́ tẹ̀, wọ́n sì lànà ilé tuntun sí Yábàá. Kò sí iyèméjì pé yàrá tí afẹ́fẹ́ ń wọ̀ sàn ju èyí tí kò ní fèrèsé lọ. Ṣùgbọ́n fíìmù tó fi eku hàn, tó fi ilé jẹgẹjẹgẹ hàn, tí kò fi bí ilẹ̀ ṣe bọ́ lọ́wọ́ onílé hàn, ó ti sọ fún olùwòran pé òun fúnra rẹ̀ ni okùnfà àrùn tó ń pa á. Bí sáyẹ́ǹsì ṣe máa ń di ẹ̀sùn lẹ́nu ẹni tó bá ní agbára nìyẹn. Kòkòrò inú maikirosíkóòpù kò parọ́. Ibi tí wọ́n gbé kámẹ́rà dúró sí ló ń fa ìjà.

Iṣẹ́ Sellers kò dúró sí Èkó. Ó ya fíìmù “Machi Gaba” ní òkè ọya, nípa abúlé kan tó gba ìmọ́tótó mọ́ra. Nígbà tí ogun àgbáyé kejì bẹ́ sílẹ̀ ní ọdún 1939, ìjọba Gẹ̀ẹ́sì dá ẹ̀ka kan sílẹ̀ tí wọ́n pè ní Colonial Film Unit, wọ́n sì fi wolé-wolé Èkó ṣe olórí rẹ̀. Títí ẹ̀ka náà fi kógbá wọlé ní ọdún 1955, fíìmù tó ju igba lọ ló ṣe fún àwọn ilẹ̀ tí òyìnbó ń ṣàkóso. Ọ̀kan nínú wọn, “Mr. English at Home” ti ọdún 1940, kò ṣe ju kó fi ọjọ́ kan nínú ayé káfíńtà ọmọ Gẹ̀ẹ́sì hàn lọ: bí ó ṣe jí, bí ó ṣe jẹun, bí ó ṣe lọ síbi iṣẹ́. Wọ́n gbé e kiri Áfíríkà kí àwọn ènìyàn lè mọ bí ọmọlúàbí ṣe ń gbé ilé.

Ohun tí Sellers gbé jáde ní Èkó ni ó fi ṣe òfin fún gbogbo ilẹ̀ Áfíríkà. Ní ọdún 1941, ó kọ àròkọ kan sínú ìwé ìròyìn àwọn onífíìmù ní Lọ́ńdọ̀nù, àkọlé rẹ̀ sì ni “Films for Primitive Peoples”, fíìmù fún àwọn ènìyàn tí ojú wọn kò tíì là. Ó ní kí fíìmù fún ọmọ Áfíríkà máa rìn jẹ́jẹ́. Ó ní kí àwòrán kan pẹ́ lójú kí òmíràn tó dé, kí wọ́n má fi ọgbọ́n kámẹ́rà ṣeré, kí ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo wà nínú fíìmù kan. Àwọn òyìnbó tí ń ṣe irú iṣẹ́ yìí fẹ́ràn láti máa sọ ìtàn kan láti fi gbe èrò náà lẹ́yìn: pé wọ́n fi ẹ̀fọn tí kámẹ́rà ti sọ di ńlá han àwọn ará abúlé, wọ́n kìlọ̀ nípa ibà, àwọn ará abúlé sì dáhùn pé ọpẹ́ ni fún Ọlọ́run, ẹ̀fọn àwọn kò tóbi tó bẹ́ẹ̀.

Ẹni tó bá mọ bí Yorùbá ṣe ń fi àlejò ṣe yẹ̀yẹ́ láìrẹ́rìn-ín yóò ro ìtàn yìí lẹ́ẹ̀mejì. Àwọn tí ń wo egúngún alárìnjó, tí wọ́n ń wo ènìyàn kan ṣoṣo tí ń di ère, tí ń di ọ̀nì, tí ń di òyìnbó oníimú gígùn lójú agbo, ni wọ́n ní wọn kò lè mọ ìyàtọ̀ láàárín ẹ̀fọn àti àwòrán ẹ̀fọn. Nígbà tí ìjọba pàápàá fẹ́ mọ òtítọ́ ọ̀rọ̀ náà ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1950, wọ́n rán Peter Morton-Williams, onímọ̀ nípa àṣà ẹ̀dá, kó lọ jókòó ti àwọn olùwòran ní ìgbèríko Nàìjíríà, ilẹ̀ Yorùbá wà lára ibẹ̀. Ohun tó jáde nínú ìwé tó kọ ni pé ohun tí olùwòran ti mọ̀ àti ohun tó gbàgbọ́ ni ń pinnu ohun tí yóò rí nínú fíìmù. Eré sísá àwòrán kọ́ ni ìṣòro. Ìbéèrè gidi ni bóyá ẹni tó ya fíìmù mọ ohun tí ẹni tí ń wò ó mọ̀.

Ó dára kí ènìyàn fi ìgbésí-ayé mìíràn wé ti Sellers. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1954, ọdún kan kí wọ́n tó ti ilé-iṣẹ́ Sellers pa, ètò tuntun kan bẹ̀rẹ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n BBC. “Zoo Quest” ni wọ́n pè é. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí ń jẹ́ David Attenborough ló ṣètò rẹ̀. Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà ni wọ́n ti ya apá àkọ́kọ́, ní ilẹ̀ Sàró, níbi tí òun àti ayàwòrán Charles Lagus ti lọ wá ẹyẹ kan tí kò wọ́pọ̀, tí ń fi ẹrẹ̀ mọ ilé sára àpáta. Jack Lester, òṣìṣẹ́ ọgbà ẹranko Lọ́ńdọ̀nù, ni wọ́n fẹ́ kó máa sọ̀rọ̀ níwájú kámẹ́rà; àìsàn dá a dúró, Attenborough bọ́ sí àyè rẹ̀. Gbogbo ayé mọ ibi tí ọ̀rọ̀ náà já sí. Ẹni tí a bí ní ọdún 1926 náà ṣì ń sọ ìtàn ẹranko nígbà tí àwọn ọmọ ọmọ olùwòran rẹ̀ àkọ́kọ́ ti di òbí.

Ilẹ̀ Sàró tí àwọn baba ńlá ọ̀pọ̀ ìdílé Èkó ti padà wá, ibẹ̀ ni iṣẹ́ onífíìmù ẹranko tó lókìkí jù lọ láyé ti gbéra. Sellers ya ènìyàn bí ẹni pé àìsàn ni wọ́n. Attenborough wá ẹyẹ lọ, ó sì fi ìfẹ́ wá a. Ọ̀rọ̀ wọn yàtọ̀ síra gan-an. Síbẹ̀ nǹkan méjì so wọ́n pọ̀. Àkọ́kọ́, kò sí ọmọ Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà tó di kámẹ́rà mú nínú ìtàn méjèèjì. Èkejì ni owó. Owó ìjọba ni Sellers ná, owó tí àwọn onílé ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ń san fún BBC lọ́dọọdún ni Attenborough ná. Owó tó ní sùúrù ni. Kò sí ẹni tó ń kan ìlẹ̀kùn wọn ní ìparí oṣù pé ẹyẹ dà. “Planet Earth”, èyí tí Attenborough sọ ìtàn inú rẹ̀ ní ọdún 2006, gba ọdún márùn-ún kó tó parí. Ọmọ Ajégúnlẹ̀ wo ni ó lè dúró ti ẹyẹ fún ọdún márùn-ún nígbà tí onílé kò lè dúró fún oṣù méjì?

Kì í ṣe pé kò sí ẹni tó kọ́ iṣẹ́ náà nígbà náà. Ní ọdún 1948, ilé-iṣẹ́ Sellers ṣí ilé-ẹ̀kọ́ fíìmù kékeré kan sí Àkúrà ní Gold Coast. Akẹ́kọ̀ọ́ mẹ́fà ni, mẹ́ta láti Gold Coast, mẹ́ta láti Nàìjíríà: A. A. Fájẹ́mísìn, J. A. Otigba àti Malam Yakubu Auna. Àwọn ni wọ́n bọ́ sínú iṣẹ́ fíìmù ìjọba kí òmìnira tó dé. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ tí wọ́n bá nílẹ̀ ni fíìmù nípa ìjọba: àbẹ̀wò gómìnà, afárá tuntun, ayẹyẹ. Ìjọba àwaarawa jogún kámẹ́rà náà pẹ̀lú ibi tí òyìnbó ti kọjú rẹ̀ sí.

Bí ẹnì kan bá wá jókòó lónìí láti kọ ohun tí onífíìmù sáyẹ́ǹsì lè rí yà láàárín Àpápá àti Ajégúnlẹ̀ nìkan, ìwé yóò kún. Kí ó bẹ̀rẹ̀ láti orí ẹ̀fọn. Ọ̀pọ̀ ará Ajégúnlẹ̀ gbà pé gọ́tà dúdú iwájú ilé ni ibà ti ń wá. Ẹ̀fọn tó pọ̀ jù nínú irú gọ́tà bẹ́ẹ̀ ni Culex, èyí tí ń kùn létí ní òru tí kì í jẹ́ kí ènìyàn sùn. Anopheles tí ń gbé ibà kiri a máa fẹ́ omi tó mọ́ díẹ̀ tí oòrùn ń tàn sí: omi òjò nínú ipa táyà tírélà, omi inú kòtò iṣẹ́ ilé tí wọn kò parí. Ojú ọ̀nà Àpápá, tí tírélà ti gbẹ́ bí ẹni gbẹ́ ebè, lè jẹ́ ibi ìbímọ fún un ju gọ́tà tí gbogbo ènìyàn ń sá fún lọ. Fíìmù ìṣẹ́jú mẹ́wàá lórí ọ̀rọ̀ yìí nìkan, kí tanwíji méjèèjì hàn lójú aṣọ, bí ọ̀kan ṣe dọ̀bálẹ̀ gbọọrọ lójú omi tí èkejì kọ́ orí sísàlẹ̀, yóò yí bí ìyá ilé ṣe ń wo àyíká rẹ̀ padà.

Koríko orí omi tó ní òdòdó aláwọ̀ àlùkò náà wà ńbẹ̀. Gúúsù Amẹ́ríkà ni ilé rẹ̀. Ọdún 1984 ni wọ́n rí i tó gba ọ̀nà omi Pọtonófò wọ odò Àgbádárìgì, láàárín ọdún díẹ̀ ó ti tẹ́ ojú ọ̀sà bí ẹní, apẹja kò rí ibi fi àjẹ̀ sí. Ohun tó lé apẹja kúrò lójú omi nìyẹn, síbẹ̀ ọmọ tí ń kọjá lórí afárá ń rò pé láti ìgbà ìwáṣẹ̀ ló ti wà níbẹ̀.

Ẹranko tí kò sí ní Àpápá náà ń gba Àpápá kọjá. Ní oṣù Kínní ọdún 2021, àwọn aṣọ́bodè kéde pé àwọn ṣí kọ̀ǹténà kan ní èbúté Àpápá. Àga àti tábìlì ni ìwé rẹ̀ ní ó wà nínú rẹ̀, ilẹ̀ Vietnam ló ń lọ. Ìpẹ́ akíkà ni wọ́n bá níbẹ̀, 162 àpò, pẹ̀lú eyín erin àti egungun ẹranko mìíràn. Akíkà tí ọdẹ Yorùbá mọ̀ dáadáa, tí àwọn oníṣègùn ń wá, tí kì í bí ju ọmọ kan lọ lẹ́ẹ̀kan, tí ń ká ara rẹ̀ bí bọ́ọ̀lù bí ewu bá dé: ká-ara-bí-bọ́ọ̀lù kò gbà á lọ́wọ́ ẹni tó ní àpò. Ìròyìn náà jáde fún ọjọ́ méjì, ó sì lọ. Ìwé ìròyìn òkè òkun ló padà wá bi í wò.

Ti Asibi tilẹ̀ wà níbẹ̀, ìtàn tí ó yẹ kí gbogbo ẹni tó ní káàdì aláwọ̀ ìyeyè lọ́wọ́ ní pápákọ̀ òfuurufú mọ̀. Ní ọdún 1927, wọ́n gba ẹ̀jẹ̀ lára ọkùnrin kan tí ń jẹ́ Asibi ní Gold Coast, tí ibà pọ́njú ń ṣe. Àwọn onímọ̀ tó fi Yábàá ṣe ibùdó, kò jìnnà sí Àpápá, ló ṣiṣẹ́ lórí fáírọ́ọ̀sì tí wọ́n rí níbẹ̀. Àrùn náà pa ọ̀kan nínú wọn, Adrian Stokes, ní Èkó lọ́dún náà. Asibi yè é. Láti inú fáírọ́ọ̀sì Asibi ni Max Theiler ti ṣe abẹ́rẹ́ àjẹsára tí gbogbo ayé ń gbà títí di òní, ọdún 1937 ló sì kéde rẹ̀, ọdún kan náà tí wọ́n kọ sára fíìmù eku Sellers. Irú ìtàn báyìí tí ó ní ikú, ìyè àti ìgboyà, ní Yorùbá tó dán mọ́rán, ta ni yóò fi ojú wò ó tí yóò sùn?

Àwọn kan yóò sọ pé kò sí ọjà fún un, pé eré ìfẹ́ àti eré jàgídíjàgan ni ará Ajégúnlẹ̀ fẹ́. Àwọn tó sọ bẹ́ẹ̀ ń tún ọ̀rọ̀ Sellers sọ láìmọ̀. Ajégúnlẹ̀ tó fún Nàìjíríà ní Daddy Showkey àti Samson Siasia, tó tọ́ Odion Ighalo dàgbà, kò ní àìtó ẹ̀bùn. Ní Ìkòròdú, àwọn ọmọ kéékèèké tí wọ́n ń pè ní Ikorodu Bois fi páálí, kẹ̀kẹ́ ẹrù àti fóònù ṣe àwòṣe fíìmù Amẹ́ríkà ní ọdún 2020, Netflix sì fi kámẹ́rà gidi ránṣẹ́ sí wọn. Ọgbọ́n tí wọ́n fi ń mọ ibi tí wọ́n máa gbé fóònù sí kì í ṣe ọgbọ́n ẹni tí àwòrán gbọ́dọ̀ máa rìn jẹ́jẹ́ fún. Dókítà ẹranko Mark Ofua, tí ń tọ́jú ẹranko tí wọ́n gbà sílẹ̀ ní Èkó, náà ti ní ètò tẹlifíṣọ̀n tirẹ̀ nípa ẹranko Áfíríkà fún àwọn ọmọdé. Àwọn olùwòran wà. Ohun tí kò sí ni ẹni tí yóò sanwó fún ọdún kan láìbéèrè pé kí èrè wọlé ní ọ̀sẹ̀ kejì.

Níbi tí ọ̀rọ̀ dé yìí, ó yẹ kí ojú kọ Àpápá fúnra rẹ̀. Èbúté tí ń pa owó fún Nàìjíríà láti ọdún 1926, àwọn ilé-iṣẹ́ ìyẹ̀fun, àwọn oníṣúgà àti àwọn tó ń tọ́jú epo sínú táńkì ńlá ńlá níbẹ̀, ń ná owó lórí ìpolówó ara wọn lójoojúmọ́. Ìdá kékeré nínú rẹ̀, tí wọ́n bá gbé e sí ọwọ́ àwọn olùkọ́ àti onímọ̀ dípò ọwọ́ alágbàṣe ìpolówó, lè gba ọ̀dọ́ márùn-ún síṣẹ́ fún ọdún méjì. Àwọn onímọ̀ kò jìnnà. Ilé-ẹ̀kọ́ gíga fásitì Èkó wà ní Akọkà, ilé-iṣẹ́ ìwádìí ìṣègùn wà ní Yábàá, ti ìwádìí òkun àti ẹja wà ní Victoria Island. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ní ìwádìí tó ti kún àpótí tí ẹnikẹ́ni kò kà. Kí owó náà má bàa di okùn lọ́rùn, àwọn tó san án kò gbọdọ̀ ní àṣẹ lórí ibi tí kámẹ́rà yóò kọjú sí. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, fíìmù nípa eérú àti èéfín Àpápá kò ní jáde láéláé, eku Ajégúnlẹ̀ ni wọn yóò tún máa yà.

Èdè náà kò ṣeé fọwọ́ rọ́ sẹ́yìn. Èdè púpọ̀ ni wọ́n ń sọ ní Ajégúnlẹ̀, Ìjọ́, Ìgbò, Ìlàjẹ, Ùróbò, Hausa, Pídgin. Ògbufọ̀ Sellers ti yanjú ìṣòro yìí láìná owó púpọ̀: àwòrán kan ṣoṣo, ẹni tó bá mọ èdè àdúgbò ló ń sọ ọ́. Ọkùnrin tó di gbohùngbohùn mú lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ̀ sinimá, tó ní láti wá ọ̀rọ̀ Yorùbá fún kòkòrò inú ẹ̀jẹ̀ lójú ẹsẹ̀, tí ó sì ń dá àwọn tí ń pariwo láti ẹ̀yìn lóhùn, òun gan-an ni ènìyàn lè pè ní àgbà nínú iṣẹ́ sísọ ìtàn sáyẹ́ǹsì ní èdè yìí. Ìwé ìtàn ń dá orúkọ Sellers. Ti ọkùnrin yẹn kò sí lẹ́nu ẹnikẹ́ni.

Fíìmù ọdún 1937 náà ṣì wà ní ìpamọ́ ní Lọ́ńdọ̀nù. Pápá ilé-ẹ̀kọ́ Tolu gba èrò, aṣọ funfun àti jẹnẹrétọ̀ kò wọ́n ní Ajégúnlẹ̀, àwọn tó lè fi Yorùbá, Ìgbò tàbí Ìjọ́ sọ ohun tí ń ṣẹlẹ̀ nínú rẹ̀ sì pọ̀ ju ohun tí gbohùngbohùn kan lè gbà lọ. Ohun tó kù ni kí ọ́fíìsì ìjọba ìbílẹ̀ Ajeromi-Ifelodun, tàbí olùkọ́ kan tí kò lè dúró dè wọ́n, kọ lẹ́tà béèrè fún un.